Oríkì Lọ́yà Corwith

Òpópónà East Tremont,
Bronx, New York.
Ọjọ́ kẹjọ, oṣù Kejì, ọdún 2026.

Adétóun, ọ̀rẹ́ mi àtàtà,

Ṣé àlàáfíà ni o wà? Ọkọ rẹ ńkọ́? Ṣé orúnkún tó ń dun Màmá yín ti fúyẹ́? Doyin ọmọ rẹ ńkọ́, àbí ó ti fi àgídí jọ ọ́ tán? Àwa náà ń bẹ níbí, òtútù ló kàn ń bá wa fínra. Ẹ̀wù tí mò ń wọ̀ jáde pọ̀ débi pé n kì í dá ara mi mọ̀ nínú dígí.

Mo rí iṣẹ́ tí o rán sí mi. Inú mi dùn pé ẹgbẹ́ yín fẹ́ kí o díje fún ilé ìgbìmọ̀ aṣòfin ìpínlẹ̀. Ohun tó kọ mí lóminú ni pé wọ́n ní kí o dákẹ́ ná lórí ọ̀rọ̀ àwọn tí ìjọba fẹ́ wó ilé wọn láti la títì, àwọn tí ìwọ gan-an jẹ́ lọ́yà fún. O ní kí n gbà ọ́ nímọ̀ràn. Èmi kò mọ òṣèlú, ṣùgbọ́n jẹ́ kí n sọ ohun tó ṣẹlẹ̀ níbi iṣẹ́ mi.

Màmá àgbàlagbà kan ni mò ń tọ́jú ní Williamsbridge, Màmá Corwith. Àwòrán bàbá ńlá rẹ̀ wà lára ògiri pálọ̀, irùngbọ̀n rẹ̀ bò ó láyà. Mo gbọ́ pé lọ́yà ni ní nǹkan bí àádọ́jọ ọdún sẹ́yìn, wọ́n sì dìbò yàn án lọ sílé aṣòfin ìpínlẹ̀ New York ní Albany. O mọ̀ mí, ẹnu mi kì í gbélé. Bí mo bá ti wẹ̀ fún màmá tán láàárọ̀, n ó kúnlẹ̀, n ó máa kì í: "Ọmọ lọ́yà tó mọ òfin bí ẹni mowó! Ọmọ aṣòfin Albany!" Màmá á máa rẹ́rìn-ín, bẹ́ẹ̀ ni kò gbọ́ nǹkan kan níbẹ̀.

Lọ́sẹ̀ tó kọjá ló bi mí ní ìtumọ̀ rẹ̀. Bí mo ti sọ ọ́, ẹ̀rín kúrò lẹ́nu rẹ̀. Ó ní kí n má ki òun bẹ́ẹ̀ mọ́. Ó ní ọmọ àgbẹ̀ ni bàbá náà, ẹjọ́ àwọn tálákà ló sì kọ́kọ́ ń bá wọn rò. Nígbà tí ilé iṣẹ́ rélùwéè kan fẹ́ gba ilẹ̀ abúlé rẹ̀, òun ni wọ́n rán lọ sí Albany láti gbẹnu sọ fún wọn. Àwọn àgbà ẹgbẹ́ ní kó ṣe sùúrù, pé bó bá dákẹ́ lẹ́ẹ̀kan yìí, yóò dé ipò tí yóò ti lè ran àwọn èèyàn rẹ̀ lọ́wọ́. Lọ́jọ́ tí wọ́n fẹ́ dìbò lórí òfin tí yóò gba ilẹ̀ náà, ó jókòó, kò la ẹnu. Ilẹ̀ lọ, abúlé tú. Ó dé ipò náà lóòótọ́, ṣùgbọ́n kò sẹ́ni tó kù tí yóò ràn lọ́wọ́. Ẹni tó bá dákẹ́, tara rẹ̀ á bá a dákẹ́ là ń wí nílé. Ti bàbá yìí kò dákẹ́ o, tàwọn tó rán an níṣẹ́ ló dákẹ́.

"Gbogbo ayé mi," ni màmá wí, "ni mo fi ń retí kí ẹnì kan nílé wa sọ fún mi pé ó dìde lọ́jọ́ náà."

Mo fẹ́ ṣìpẹ̀ fún un, pé a kì í sọ̀rọ̀ òkú láìdáa. Àfi bí mo ṣe rántí pé oríkì tiwa pàápàá kì í ṣe ìyìn nìkan. Ṣebí wọ́n máa ń ki ìyá mi ní ọmọ ẹni tó sá lójú ogun, tí ìyá mi á sì máa yan! Mo sọ èyí fún màmá. Ó rò ó títí, ó ní kí n máa ki òun nígbà náà, ṣùgbọ́n kí n fi èyí tó kù kún un.

Láti ìgbà náà, bí mo bá kúnlẹ̀, mo ń parí rẹ̀ báyìí: "Ọmọ ẹni tí wọ́n rán lọ sọ̀rọ̀, tó jókòó." Màmá á di ọwọ́ mi mú, á ní, "Bẹ́ẹ̀ ni." Ó máa ń dùn mí dọ́kàn, Adétóun. Ọkùnrin náà ti kú tipẹ́, kò sì sí ohun tó lè ṣe sí gbólóhùn yẹn mọ́.

N kò ní kí o má gbégbá ìbò. Gbé e, n ó gbààwẹ̀ pẹ̀lú rẹ. Ṣùgbọ́n má dákẹ́ fún wọn. Bí wọ́n bá tìtorí ẹ̀ yọ orúkọ rẹ, kí wọ́n yọ ọ́.

Bá mi kí ọkọ rẹ, kí o sì kúnlẹ̀ kí Màmá yín fún mi. Gbá Doyin mọ́ra dáadáa. Ohun tí o bá ṣe lọ́dún yìí ni wọn yóò máa fi kì í.

Èmi ni tìrẹ láti kékeré,
Tóyọ̀sí.