Ìwé Tí Ẹ Kà fún Mi ní Ṣọ́ọ̀bù

Màmá mi ọ̀wọ́n, adúró-tini mi,

Ẹ kú àtijọ́ o. Mo mọ̀ pé ohun tí ẹ máa kọ́kọ́ bi mí ni bóyá mo ti jẹun. Mo ti jẹun. Ẹ̀wà ni mo sè, èmi fúnra mi, kò sì jóná. Ẹ fọkàn balẹ̀.

Orí kọ̀ǹpútà ni mo ti ń kọ lẹ́tà yìí. Bí mo ṣe ń tẹ̀ ẹ́ ló ń kà á sí mi létí, torí ojú mi kò tíì là bí ẹ ṣe ń gbàdúrà pé kó là. Ṣùgbọ́n Gẹ̀ẹ́sì nìkan ni wọ́n kọ́ ọ. Bó ṣe ń pe "Màmá mi" yìí, àfi bí ẹni tí iṣu gbígbóná wà lẹ́nu ẹ̀. Ẹ̀rín ì bá pa yín.

Mo kọjá níwájú ṣọ́ọ̀bù yín lọ́jọ́ Sátidé. Ọkùnrin kan tó ń tún fóònù ṣe ló wà níbẹ̀ báyìí. Pákó orí gọ́tà yẹn ṣì ń mì bó ṣe ń mì tẹ́lẹ̀, òun ni mo fi dá ibẹ̀ mọ̀. Mo dúró díẹ̀. Láyé yín, òórùn aṣọ láínìn tuntun àti epo máṣìnì ló máa ń wà níbẹ̀, báyìí òórùn wáyà tí wọ́n ń jó ni. Ó kù díẹ̀ kí n bínú sí ọkùnrin náà, àmọ́ kí ló fi ṣe mí? Ó tiẹ̀ kí mi dáadáa.

Ìyá Onísíìpù. Gbogbo Àgọ́ Palace ló fi orúkọ yẹn mọ̀ yín, ẹ̀yin tí ẹ ń ta síìpù, òwú àti bọ́tìnnì. Àwọn télọ̀ á wá láti Ire-Akari, láti Ìsọlọ̀, àní láti Òṣòdì lọ́hùn-ún, wọ́n á mú ègé aṣọ kékeré kan dání, ẹ á wò ó fìrí, ẹ á sì na ọwọ́ sí òwú tó bá a mu láìwá a. Mo rántí ìyẹn torí ojú mi ṣì ríran nígbà náà. Nígbà tí ojú náà lọ, tí mo ṣì wà ní alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀, gbogbo ará ilé ló ní kí ẹ dá mi padà sí Ṣakí lọ́dọ̀ Ìyá Àgbà, pé kí ni afọ́jú fẹ́ ṣe ní Èkó. Ẹ ò bá ẹnikẹ́ni jiyàn. Ẹ kàn da bọ́tìnnì síwájú mi nínú abọ́ ńlá kan, ẹ ní kí n bá yín ṣà á, oníhò méjì lọ́tọ̀, oníhò mẹ́rin lọ́tọ̀. Ṣé iṣẹ́ gidi ni, Màmá, àbí ẹ máa ń dà á pọ̀ padà tí mo bá ti lọ sùn? Mo ti fẹ́ bi yín tipẹ́.

Ẹ rántí ìwé Ìtàn Ẹ̀kọ́ yẹn? Bóyá ẹ máa rántí, ẹ kórìíra rẹ̀ tó. Olùkọ́ wa ní yunifásítì ló kọ ọ́ fúnra rẹ̀, òun ló ń tà á, inú rẹ̀ náà ló sì ti ń mú ìdánwò jáde. Kò sí i ní bíréèlì. A fi fọtokọ́pì rẹ̀ sí kọ̀ǹpútà kó lè kà á, fọtokọ́pì dúdú bí ìdí ìkòkò, ó wá ń sọ̀rọ̀ bí ẹni tí ibà ń ṣe. Àwọn ọ̀rẹ́ mi ṣèlérí pé àwọn á máa kà á fún mi. Ìdánwò tiwọn dé, kóówá kọjú sí tiẹ̀. Mo gbé ìwé náà wálé, mo ń sunkún, ẹ ní kí n gbé e wá. Ẹ̀yin tí ẹ kúrò níléèwé ní fọ́ọ̀mù tíríì! Ẹ ní ṣebí lẹ́tà ni wọ́n fi kọ ọ́, ẹ sì mọ lẹ́tà.

Bẹ́ẹ̀ lẹ ṣe kà á, ní ṣọ́ọ̀bù, lórí àga oníke yẹn, mo sì gba gbogbo rẹ̀ sórí fóònù. Ẹ á ní "Bísímílà" kí ẹ tó ṣí i. Tí ẹ bá ṣí ojú ewé tuntun, ẹ á ní "mo ti ṣí i o," bí ẹni pé mo fẹ́ yọjú wò ó. Tí ọ̀rọ̀ kan bá gùn jù, ẹ á pe lẹ́tà rẹ̀ níkọ̀ọ̀kan, ẹ á wá mí kanlẹ̀, ẹ á ní "ìyẹn náà nìyẹn," ẹ á sì kọjá. Ọkọ̀ ojú omi àwọn míṣọ́nnárì á ti gúnlẹ̀ sí Bàdágìrì, wọ́n á ti fẹ́ sọ̀ kalẹ̀, ìgbà yẹn gan-an ni Ìyá Sùlíyà aládùúgbò wa á kọjá. "Ẹ kú ọjà o, Ìyá Sùlíyà! Ara ọmọ ńkọ́? Ṣé ibà yẹn ti lọ? Ah, a dúpẹ́, a dúpẹ́." Àwọn míṣọ́nnárì á dúró nínú ọkọ̀ títí ẹ fi máa kí i tán. Kò sẹ́ni tó lè gba iwájú yín kọjá kí ẹ má kí i, ẹ̀ báà jẹ́ pé ìdánwò mi kù sí dẹ̀dẹ̀. Inú máa ń bí mi nígbà yẹn. Báyìí, kí n sọ òótọ́, ìkíni yẹn ni mo máa ń dúró dè nínú ìwé náà.

Ti ọ̀rọ̀ kéwú yẹn ńkọ́? Olùkọ́ náà kọ ọ́ pé kí òyìnbó tó dé, àwa ò ní iléèwé kankan. Inú bí yín. Dípò kí ẹ fi Yorùbá sọ ọ́ bí ẹ ṣe máa ń ṣe, Gẹ̀ẹ́sì lẹ fi dá a lóhùn, pẹ̀lú ohùn tí ẹ fi ń kàwé gan-an, pé àwọn ọmọ ti ń kọ́ kéwú ní Ṣakí láyé bàbá bàbá yín, pé orí wàláà ni wọ́n ń kọ ọ́ sí. Èmi rò pé ìwé ló ń sọ ọ́. Mo há a sórí, mo tẹ̀ ẹ́ sínú ìdánwò, tòun ti wàláà. Olùkọ́ fagi lé e, ó bi mí pé ojú ewé wo ni mo ti rí i. Kí ni mo fẹ́ wí? Ojú ewé Ìyá Onísíìpù? Mo délé, mo rojọ́ fún yín. Ẹ ò tiẹ̀ bẹ̀ mí! Gèlè lẹ ń wá, tí ẹ máa wé lọ bá olùkọ́ náà. Ọlọ́run ló ní kí n tètè di yín mú.

Iṣẹ́ tí mo ń ṣe báyìí, ẹ ò bá a láyé. Yunifásítì náà ṣí ọ́fíìsì kékeré kan fún àwọn akẹ́kọ̀ọ́ tó ní ìpèníjà ara, wọ́n sì gbà mí síbẹ̀. Èmi ni mo ń bá wọn fà á pé kí wọ́n gbé kíláàsì ẹni tó ń lo kẹ̀kẹ́ arọ wá sísàlẹ̀, kí wọ́n wá ẹni tó máa fọwọ́ túmọ̀ fún adití, kí wọ́n fi àkókò kún ìdánwò ẹni tí ọwọ́ ẹ̀ ò yá. Wọ́n á ní àwọn ti gbọ́. Wọn ò ní ṣe é. Màá tún padà lọ. Ọ̀gá kan níbẹ̀ ní ẹjọ́ mi ti pọ̀ jù, mo ní ilé ni mo ti mú un wá.

Lọ́dún yìí ni ọmọbìnrin kan wá bá mi. Mútíá lorúkọ ẹ̀, ará Ìwó làwọn òbí ẹ̀, yàrá kan ni wọ́n háyà ní Ìsọlọ̀. Afọ́jú ni bíi tèmi. Kọ́ọ̀sì tí mo ṣe lòun náà ń ṣe, olùkọ́ kan náà, ìwé kan náà. Màmá, ìwé yẹn náà! Wọ́n ní èèpo ẹ̀yìn ẹ̀ nìkan ni wọ́n pààrọ̀. Ó ti féèlì ìdánwò ẹ̀ lẹ́ẹ̀kan torí kò rí i kà, tó bá tún féèlì, wọ́n máa lé e kúrò ní ẹ̀ka náà. A bẹ olùkọ́ pé kó fún wa ní èyí tó wà lórí kọ̀ǹpútà ẹ̀, ó ní àwọn èèyàn á máa pín in kiri. A wá àwọn tó máa kà á. Wọ́n forúkọ sílẹ̀ tẹ̀rín-tẹ̀rín, nígbà tó tó àkókò, a ò rí ẹnì kan.

Mo sì mọ̀ pé ìwé náà wà lọ́wọ́ mi, látìbẹ̀rẹ̀ dópin, lóhùn yín.

Mi ò sọ fún wọn. Mi ò fẹ́ ni, Màmá. Àwọn ẹlòmíì ní fọ́tò ìyá wọn, kí ni fọ́tò fẹ́ ṣe fún èmi? Ojú yín tí mo rántí, ojú obìnrin tí kò tíì hu ewú kan ni. Ohùn yẹn nìkan ló kù tí mo lè mú. Tí mo bá gbé e jáde, tó di ohun tí gbogbo èèyàn ń gbọ́ ní họ́sítẹ́ẹ̀lì, ṣé á ṣì jẹ́ tèmi? Mo ń jókòó pẹ̀lú Mútíá ní ọ́fíìsì, mo ń bá a dárò, ìwé tó ń wá sì wà nínú báàgì mi. Ọjọ́ kan ló ní òun ti ń rò ó pé kí òun padà sílé, kí òun lọ máa bá ìyá òun tajà, pé bóyá iléèwé kì í ṣe fún irú àwa. Irú àwa! Orí mi gbóná. Mo ṣí báàgì, mo yọ fóònù.

Ṣẹ́gun, ẹni tó ń bójú tó kọ̀ǹpútà ní ọ́fíìsì wa, gbọ́ ọ, inú ẹ̀ dùn. Ọmọlúàbí ni, àmọ́ ó ní òun máa gé ariwo inú ẹ̀ kúrò, kó lè jẹ́ ìwé nìkan ló máa kù. Mo jókòó tì í. Ó gé ariwo jẹnẹrétọ̀, mo ní kò burú. Ó gé ìgbà tí ẹ dìde lọ kírun Àlàásárì, mo gbà. Ó wá gé Ìyá Sùlíyà. Mo pariwo mọ́ ọn! Ó ní ẹni tó ń múra ìdánwò ò nílò ara ọmọ ńkọ́. Mo ní ta ló sọ bẹ́ẹ̀ fún un? A fà á, a fà á, ìgbà tó yá ni mo rántí pé Mútíá wà láyé, pé òun ló ni ìdánwò. Èmi tí mo máa ń pariwo lé àwọn ọ̀gá lórí pé kí wọ́n máa bi wá kí wọ́n tó ṣe nǹkan fún wa, mi ò bi í.

A pè é, a jẹ́ kó gbọ́ méjèèjì. Odindi ló mú. Ó ní èyí tí wọ́n gé yẹn dà bíi yàrá òun ní họ́sítẹ́ẹ̀lì, pé nínú ti odindi, ó dà bíi pé ẹnì kan jókòó ti òun. Ṣẹ́gun pa èyí tó gé rẹ́.

Ó ṣe ìdánwò náà. Lọ́sẹ̀ tó kọjá ni èsì jáde, ó sì páàsì, kì í ṣe páàsì wẹ́lẹ́ńjẹ́ rárá, ó páàsì dáadáa. Ó sáré wá bá mi, ọ̀pá ẹ̀ ń gbá gbogbo ìlẹ̀kùn tó wà lọ́nà. A dì mọ́ra, a pariwo, Ṣẹ́gun lọ ra ohun mímu tútù. Lẹ́yìn náà ló fà mí sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Ó ní òun fẹ́ wá dúpẹ́ lọ́wọ́ Màmá. Ó ní ibùdókọ̀ wo ni òun máa sọ̀ kalẹ̀ sí ní Àgọ́ Palace kí òun tó dé ṣọ́ọ̀bù.

Mi ò sọ fún un rí pé ẹ ti kú. Kò bi mí, èmi náà ò sì rò ó pé ó yẹ kí n sọ ọ́. Nígbà tí gbogbo ilé ń sunkún, èmi ni mo pe àwọn ará Ṣakí, mo sọ ọ́ láìkólòlò. Ṣùgbọ́n báwo ni mo ṣe fẹ́ sọ ọ́ fún ọmọ yìí? Ó ti gbé ohùn yín sétí fún odindi sáà kan. Ó ní òun máa ń dá yín lóhùn tí ẹ bá ti kí èèyàn, pé àwọn ọmọ yàrá òun ń fi òun ṣe yẹ̀yẹ́. Ẹ ṣì wà láàyè lọ́dọ̀ ẹ̀, Màmá. Bóyá ọ̀dọ̀ ẹ̀ nìkan ló kù.

Mo ṣì ń wá ẹnu tí màá fi sọ ọ́ nígbà tó tún bi mí ní nǹkan mìíràn. Ó ní lápá ìparí ìwé yẹn, òun gbọ́ tí ẹ ń wúkọ́, pé ó ń pọ̀ sí i bí ìwé ṣe ń parí lọ, pé àyà òun ń já. Ó ní ṣé ikọ́ náà ti lọ.

Èmi tí mo jókòó tì yín, Màmá, èmi tí mo gba ohùn yẹn sílẹ̀, tí mo ti gbọ́ ọ láìmọye ìgbà, etí ìdánwò ni mo fi ń gbọ́ ọ nígbà yẹn, etí ọ̀fọ̀ ni mo sì fi ń gbọ́ ọ lẹ́yìn náà. Kò sẹ́ni tó bi yín léèrè ikọ́ náà. Ọmọ tí kò pàdé yín rí ló wá béèrè rẹ̀.

Mo ní ó ti lọ. Mo ní wọn ò wúkọ́ mọ́. Ó ní "Àlùhámúdùlílàhì," ó mí kanlẹ̀, mo sì yí ojú mi sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan bí ẹni pé ó lè rí i tí mò ń sunkún. Màá sọ fún un, ẹ má bínú, màá wá ọjọ́ kan tí màá sọ ọ́. Àmọ́ kó tó lọ, ó rán mi sí yín, mo sì ti ní màá jẹ́ ẹ. Iṣẹ́ tó rán mi nìyí: Mútíá ọmọ Ìwó ní kí n kí yín, ó ní ẹ kú ìwé kíkà.

Èmi ni,
ọmọ yín tí ẹ ò jẹ́ kí wọ́n dá padà sí Ṣakí.