Sìlíńdà Tí A Kọ "Ti Ìyá Mi" Sí Lára

Ọmọ mi,

Kí n tó kí ọ, jẹ́ kí n ro owó rẹ fún ọ kí ọkàn mi lè fúyẹ́. Ẹgbẹ̀rún lọ́nà ogún ni o fi ránṣẹ́. Gáàsì gba ẹgbẹ̀rún mẹ́wàá. Ọkọ̀ àlọ àti àbọ̀ gba ẹgbẹ̀rún mẹ́rin, nítorí èmi san tèmi, sìlíńdà náà sì san tirẹ̀, orí àga ni mo gbé e jókòó sí. Ife onígíláàsì gba ẹgbẹ̀rún mẹ́rin àti ẹ̀ẹ́dẹ́gbẹ̀ta, rọ́bà kékeré ẹnu sìlíńdà gba ẹ̀ẹ́dẹ́gbẹ̀ta. Ó ku ẹgbẹ̀rún kan, ó wà lábẹ́ ìrọ̀rí mi.

Wàyí o, ṣé dáadáa ni o wà? Ṣé ara le? Àwa náà ń bẹ, ẹsẹ̀ bàbá rẹ kò dùn ún mọ́. Ọlọ́run kò ní jẹ́ kí sípánà já bọ́ lọ́wọ́ rẹ, ibi tí o bá so ọ̀pá sí kò ní jò.

Ẹ̀rọ ọtí bíà tí o fi ọwọ́ ara rẹ so mọ́ ògiri pálọ̀ wa ti sọ mí di ẹni ńlá. Kò sí àlejò tí n kì í mú lọ síwájú rẹ̀. Ọtí wọ́n, n kì í fa ọtí fún gbogbo ènìyàn, ṣùgbọ́n gáàsì tí ó ń ti ọtí jáde nínú àgbá kò ní àwọ̀, kò sì ní adùn, nítorí náà mo máa ń ṣí ẹnu sìlíńdà díẹ̀ kí wọ́n lè gbọ́ bí ó ṣe ń ṣe ṣìì, mo sì máa ń sọ pé ọmọ mi obìnrin ló so ó. Nọ́ọ̀sì tí ó ń wá wo ẹsẹ̀ bàbá rẹ gbọ́ ọ lẹ́ẹ̀mejì, ó ní ó dà bí ejò tí inú ń bí.

Ohun tí kò yé mi ni pé o ní sìlíńdà kan yóò ti àgbá ọtí mẹ́fà jáde, tiwa sì tán kí àgbá kejì tó dé ìdajì. Mo rò pé ooru ló ń jẹ ẹ́, mo fi aṣọ tútù bò ó, síbẹ̀ pàbó ni.

Ọ̀sẹ̀ tí àwọn tí wọ́n bá bàbá rẹ ṣiṣẹ́ fẹ́ wá bá a yọ̀ ní Sátidé fún ìfẹ̀yìntì rẹ̀ gan-an ló tán. Káfíńtà ẹ̀gbẹ́ ilé wa gbọ́, ó dúró sẹ́nu ọ̀nà, ó ní ṣé òun kò ti sọ, pé obìnrin wo ló ń so ọ̀pá irin, kí bàbá rẹ yáa lọ ra ọtí inú ìgò kí ojú má baà tì í. Bàbá rẹ ti ń wọ bàtà. Mo ní kí ó bọ́ ọ. Mo ní ìgò kankan kò ní wọ ilé yìí ní Sátidé, bí ó bá tiẹ̀ gba kí n fi ẹnu mi fẹ́ atẹ́gùn sínú àgbá náà.

Awakọ̀ kọ́kọ́ ní òun kì í gbé gáàsì. Mo ní èyí kì í jó, pé ọmọ mi ní ṣe ni yóò pa iná. Ó ní kí ni iṣẹ́ rẹ̀ nígbà náà. Mo ní ó ń ti nǹkan. Ó bi mí bóyá ó lè ti ọkọ̀ òun, torí kì í tètè ṣiṣẹ́.

Onígáàsì gbé sìlíńdà wa sórí òṣùwọ̀n, ó ní òfìfo ni. Ló bá tì í sáàárín àwọn yòókù, ó gbé òmíràn tí ó kún fún mi, tí ara rẹ̀ ti họ, ó ní bí gbogbo ènìyàn ṣe ń ṣe é nìyẹn, pàṣípààrọ̀ ni. Ọmọ mi, mo figbe ta! Ó ní màmá, ọ̀kan náà ni gbogbo wọn. Mo yí tiwa, mo fi ọ̀dà funfun tí o fi kọ "TI ÌYÁ MI" hàn án, mo ní ìyá ta ni wọ́n kọ sára tirẹ̀. Àwọn oníbàárà bú sẹ́rìn-ín. Ó ní bí ó bá jẹ́ pé tèmi gan-an ni òun máa rọ gáàsì sí, ẹgbẹ̀rún mẹ́ta máa lé lórí owó rẹ̀, màá sì dúró títí ìrọ̀lẹ́. Mo jókòó. Ó bi mí bóyá ó ń jò nílé, mo ní ohun tí ọmọ mi bá so kì í jò. Nígbà tí ó kún, ó ti fi kílò méjì ààbọ̀ wúwo sí i, atẹ́gùn lásán! Ẹni tí ó ń ta atẹ́gùn ní kílò kò lè tòṣì láé. Mo ní màá san ẹgbẹ̀rún mẹ́ta náà nígbà mìíràn, ó ní báwo ni òun yóò ṣe dá mi mọ̀, mo ní ṣebí ó wà lára sìlíńdà.

Ní Sátidé, ife àkọ́kọ́ hó kìkìdá ìfófòó. Káfíńtà rẹ́rìn-ín músẹ́, bàbá rẹ ń wolẹ̀. Mo da ìyẹn nù, mo da èkejì nù, ẹ̀kẹta sì jáde, ó pupa bí oyin, ó dé fìlà funfun. Ọ̀gá wọn àtijọ́ dìde tòun tife lọ́wọ́, ó wo ògiri títí, ó ní ta ló ṣe iṣẹ́ yìí. Bàbá rẹ ní ọmọ òun obìnrin ni. Ó tún un sọ lẹ́ẹ̀mẹta, kò sì sí ẹni tí ó tún bi í. Káfíńtà mu ife mẹ́rin, ó ní bí o bá wálé, kí o bá òun wo ọ̀pá omi ẹ̀yìnkùlé òun. Mo ní owó rẹ pọ̀.

Gbogbo wọn fẹ́ gbọ́ ṣìì náà, mo sì ṣí i fún wọn lọ́kọ̀ọ̀kan. Ti ọ̀gá pẹ́ díẹ̀, etí rẹ̀ kò gbọ́ran dáadáa. Láàárọ̀ yìí, sìlíńdà ti dákẹ́. Sọ fún àwọn ọ̀gá rẹ pé gáàsì ìhín kò lágbára.

Ẹgbẹ̀rún mẹ́wàá gáàsì, mẹ́rin ọkọ̀, mẹ́ta nítorí n kò ní ṣe pàṣípààrọ̀, mẹ́ta tí mo jẹ, ó di ogún. Yọ ọ̀kan abẹ́ ìrọ̀rí kúrò, kí o fi mọ́kàndínlógún ránṣẹ́. Ọwọ́ tí o fi ń ṣiṣẹ́ kò ní rọ, ilé olówó ni wọn yóò máa pè ọ́ sí, ìwọ náà yóò bí ọmọ tí yóò kọ orúkọ rẹ sára irin.

Èmi ni, ìyá rẹ.

Gbèsè onígáàsì: ẹgbẹ̀rún mẹ́ta. N kò tíì san án.