Ẹnu Luzinete

Ọjọ́rú, 6 Oṣù Kẹta
Luzinete tún ti jáde nínú fíìmù tuntun. Dalva ọ̀rẹ́ mi ló fi hàn mí lórí fóònù níbi tá a ti ń mu kọfí. Irun pupa yẹn, àpá kékeré abẹ́ àgbọ̀n — òun ni. Ọdún tó kọjá la sin ín ní ìlú Campinas. Àwọn ẹbí rẹ̀ gé irun rẹ̀, wọ́n wọ kóòtù fún un, wọ́n kọ orúkọ ọkùnrin tí wọ́n sọ ọ́ ní kékeré sórí ibojì. Èmi àti Dalva dúró lẹ́yìn ògiri itẹ́ òkú.

Mo ní bóyá fíìmù àtijọ́ ni. Dalva ní rárá, fóònù tí Luzinete mú dání nínú fíìmù náà ṣẹ̀ṣẹ̀ dé ọjà ni.

Ọjọ́bọ̀, 7
Mo wò ó títí. Luzinete ò ṣẹ́jú, kò sì sọ̀rọ̀.

Ọjọ́ Ajé, 11
Ẹnu-Dídùn pè mí — bá a ṣe ń pe Ademir, ọ̀gá ilé-iṣẹ́ fíìmù ìhòòhò tí èmi àti Luzinete jọ ṣiṣẹ́ fún. Ó ní ẹ̀rọ kọ̀ǹpútà ló ń ya àwòrán Luzinete báyìí, àwọn fíìmù rẹ̀ àtijọ́ ni wọ́n fi kọ́ ọ. Ohùn ló kù. «Ìwọ lo mọ bó ṣe ń sọ̀rọ̀, arẹwà mi. Wá yá a ní ohùn.»

Ìṣẹ́gun, 12
Mo lọ. Wọ́n ní kí n ka ìròyìn ojú ọjọ́ kí wọ́n fi dán ohùn mi wò. Mo kà á, wọ́n gbà á sílẹ̀. Ìgbà yẹn ni wọ́n wá sọ ìtàn fíìmù náà: Luzinete tan ọkùnrin kan jẹ, àṣírí ara rẹ̀ tú, ọkùnrin gbá a létí, ó kúnlẹ̀: «Dárí jì mí. Èké ni mí.»

Ìtàn kan náà ni wọ́n máa ń kọ fún irú wa, obìnrin tí wọ́n bí ní ọkùnrin. Luzinete ò gbà á rí. Á ní: «Ẹni tó wá mi wá mọ ẹni tóun ń wá. Ẹ kọ èyí tí wọ́n ti fẹ́ràn mi, tá a jọ jẹun lẹ́yìn rẹ̀.» Wọ́n á rẹ́rìn-ín.

Mo ní mi ò ṣe. Ademir ò bínú. «Ó ti kú, Kássia. Ta lò ń gbèjà?»

Lójú tẹlifíṣàn lẹ́yìn rẹ̀, ẹnu Luzinete ń ṣí, ó ń pa dé. Kò sí ohùn. Èmi ló kọjú sí.

Àìkú, 17
Dalva se ẹ̀wà dúdú àti ẹran ẹlẹ́dẹ̀. «O ṣe dáadáa tó o kọ̀. Jẹ́ kó sinmi.» A tan àbẹ́là, a pe orúkọ tí Luzinete fún ara rẹ̀.

Ọjọ́rú, 27
Mo ń ra búrẹ́dì. Ọkùnrin kan tó kọ̀yìn sí mi yíjú pa dà nígbà tó gbọ́ ọ̀rọ̀ mi. Kò mọ ojú mi. Ó ní: «Mo mọ ohùn yìí.» Ó ń rẹ́rìn-ín.

Mo délé, mo wá fíìmù tí mo ní mi ò ṣe náà. Luzinete kúnlẹ̀. Ohùn mi ló tẹnu rẹ̀ jáde, tòun ti bí mo ṣe máa ń gbé itọ́ mì kí n tó sọ̀rọ̀: «Dárí jì mí. Èké ni mí.» Mi ò sọ ọ́ rí láyé mi. Ìròyìn ojú ọjọ́ nìkan ni mo kà fún wọn.

Dalva pè. Ó ti wò ó. «Kássia, ṣebí o ní o ò ṣe é?»

Mo ní mi ò ṣe é. Ohùn yẹn kan náà ni mo fi sọ ọ́. Mo gbọ́ ọ, òun náà gbọ́ ọ. Ó pa fóònù.