Làpálàpá Ọ̀gá Ṣọ́ọ̀bù

Ọmọ mi ọ̀wọ́n,

Kí o tó kàwé yìí, jọ̀wọ́ forí jì mí pé mo gbójúgbóyà kọ ọ́. Ọdún kìíní mi rèé nílé ẹ̀kọ́ àgbà, àwọn tó ti wà ní kíláàsì kejì pàápàá ṣì ń bẹ̀rù lẹ́tà kíkọ, ká má tíì sọ èmi tí tíṣà wa ní ìlà ìwé mi máa ń dà gẹ̀rẹ̀gẹ̀rẹ̀ bí ẹni ń sọ̀ kalẹ̀ lọ sódò. Bí ibì kan kò bá yé ọ, ẹ̀bi mi ni, kì í ṣe ẹ̀bi ojú rẹ.

Ṣé dáadáa lo wà? Ṣé iṣẹ́ ń lọ déédéé? Ọlọ́run kò ní jẹ́ kí ẹsẹ̀ rẹ kọ́kọ́ dé ibi tí ewu wà. Àlàáfíà la wà níbí, orúnkún mi nìkan ló ń ṣe bí ọmọ tí kì í gbọ́ràn, ẹ̀rọ ìránṣọ bàbá rẹ sì ń ké bó ṣe máa ń ké. Ṣùgbọ́n ọpẹ́ ni mo jókòó kọ, ọpẹ́ lórí ọ̀rọ̀ Ọ̀gá Ṣọ́ọ̀bù, ológbò tí o fi sílẹ̀ fún wa.

O mọ̀ pé látìgbà tí o ti lọ, òun ni mò ń bá tàkurọ̀sọ lọ́sàn-án tí bàbá rẹ bá ti dorí kodò sórí aṣọ oníbàárà, òun náà ni kì í jẹ́ kí èkúté fi aṣọ olówó aṣọ ṣe oúnjẹ. Àfi bó ṣe bẹ̀rẹ̀ sí í họra. Irun rẹ̀ ń re, ó ń re róbótó róbótó bí ẹni pé wọ́n fi ìdérí ìgò wọ̀n ọ́n, awọ ibẹ̀ sì ń ṣí funfun bí eérú. Ibi tọ́rọ̀ ti wá bàjẹ́ ni pé oníbàárà kan wá gba ṣòkòtò, ó bá irun ológbò lára rẹ̀, ó béèrè lọ́wọ́ bàbá rẹ bóyá òun ló ní kí wọ́n fi irun dárà sí i. Ojú ti bàbá rẹ, wọ́n fi ìbínú bò ó. Wọ́n ní kúrúnà ni, bó bá ti di ọjọ́ ọjà, àwọn yóò dì í sínú àpò fún awakọ̀ tó ń kó èédú, kó lọ tú u sílẹ̀ ní òdìkejì odò. Onídìrí ìtòsí wa ní kí n fi kẹrosíìnì pa á lára. Mo ti gbé ìgò rẹ̀ dání kí ọkàn mi tó ní kí n kọ́kọ́ pè ọ́.

O ṣeun, ọmọ mi, tí o wá dókítà ẹranko sórí fóònù fún wa. O ní kí n gbé fóònù síbi tí dókítà yóò ti rí aláìsàn. Èmi rò pé kí wọ́n tó máa yẹ ara wò, ó yẹ kí wọ́n kọ́kọ́ kíra, mo bá gbé fóònù sí Ọ̀gá Ṣọ́ọ̀bù létí, mo ní kó dáhùn, dókítà ń pè é. Dókítà ní ẹ jọ̀ọ́ mà, etí nìkan lòun ń rí. Mo ní bẹ́ẹ̀ ni, ibẹ̀ ló fi ń gbọ́ràn. Dókítà rẹ́rìn-ín títí, àfi bó ṣe ní kí n má gbé e kúrò níbẹ̀ mọ́. Ó ní etí yẹn gan-an ni, pé irun tó gé kúkúrú níbẹ̀ kò jọ ti kúrúnà lójú òun, ó jọ làpálàpá, ohun tó fara jọ èyí tó ń mú búrẹ́dì bu, ó sì máa ń ran ènìyàn. Bí mo ṣe gbọ́ pé ó ń ràn, mo fi ọṣẹ nu ojú fóònù dáadáa, kó má baà ran dókítà.

Ó kìlọ̀ fún bàbá rẹ pé ológbò ń fi ahọ́n wẹ̀ ni, ohun tí a bá fi pa á lára, inú ló ń lọ, kẹrosíìnì yóò pa á. Bàbá rẹ gbé ìgò náà kúrò nílẹ̀. Wọ́n ní àwọn fún un láàyè di ìgbà tí èsì bá dé. Irun tí dókítà ní kí n fi ránṣẹ́ fún àyẹ̀wò, mo fi èyí tó dára díẹ̀ kún un, kí wọ́n má baà rò pé a kò tọ́jú rẹ̀.

Èsì dé, làpálàpá ni lóòótọ́. Oògùn tí o fi ránṣẹ́ náà dé, ọṣẹ olómi àti èyí tó ń gbé mì. Mò ń fi ìbọ̀wọ́ wẹ̀ ẹ́, mò ń gbá irun rẹ̀ nílẹ̀, mò ń fi omi gbígbóná fọ aṣọ tó bá sùn lé. Yàrá kékeré ẹ̀yìn ilé ló ń gbé títí yóò fi sàn. Irun ti ń hù, ṣùgbọ́n dókítà ní a kò gbọdọ̀ dá oògùn dúró nítorí pé irun hù, àfi tí àyẹ̀wò bá ní ó ti tán.

Ọmọ mi, mo ka ara ìgò oògùn náà fúnra mi, wọ́n kọ Ọ̀gá Ṣọ́ọ̀bù síbẹ̀, wọ́n wá kọ orúkọ ìdílé wa tẹ̀ lé e. Mo kà á sókè fún bàbá rẹ, mo ní ẹni tí òyìnbó ti kọ orúkọ wa mọ́ lára, ta ló tún lè dì í sínú àpò? Wọ́n ní kí n jẹ́ kí àwọn fi òwú sójú abẹ́rẹ́. Jọ̀wọ́ bá mi bi àwọn tó kọ orúkọ náà bóyá Ọ̀gá Ṣọ́ọ̀bù yóò bá yín pín ogún, kí n lè tètè sọ fún ẹ̀gbọ́n rẹ.

Bí ó bá wà lọ́wọ́ rẹ, fi nǹkan díẹ̀ ránṣẹ́ fún ọṣẹ rẹ̀ àti bírò mi. Bí kò bá sí, má yáwó. Bí o ṣe gbọ́ ẹkún mi tí o dáhùn, àwọn ọmọ tìrẹ náà yóò gbọ́ tìrẹ. Ọwọ́ rẹ kò ní wọ́n lẹ́nu rẹ.

Jọ̀wọ́, fi lẹ́tà yìí pamọ́, má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni rí i, pàápàá bàbá rẹ. Nígbà tí wọ́n ń pààrọ̀ ṣòkòtò, mo rí làpálàpá róbótó lórí itan wọn, níbi tí ẹranko kékeré lè ká jọ sí bí ènìyàn bá ń wa ẹ̀rọ ìránṣọ. Wọ́n ní ooru ni. Mo ní ooru ni lóòótọ́. Mo mú wọn lọ sọ́dọ̀ nọ́ọ̀sì, ó sì fún wọn ní oògùn ènìyàn. Ṣùgbọ́n bí a ṣe délé, mo gbọ́ ohùn wọn lẹ́nu ọ̀nà yàrá ẹ̀yìn, wọ́n ń sọ fún Ọ̀gá Ṣọ́ọ̀bù pé kó ní sùúrù, kò ní pẹ́ mọ́ tí àwọn méjèèjì yóò fi padà sẹ́nu iṣẹ́. Má sọ pé èmi ni mo sọ fún ọ o.

Èmi ni,
Ìyá rẹ, ọmọ kíláàsì kìíní.