Yao Dín Orin Mi Kù

Àtàkpàmé, ọjọ́ Àìkú, ìrọ̀lẹ́

Èmi ò fẹ́ rí ẹsẹ̀ Yao, àbúrò ìyàwó mi, nínú ilé yìí mọ́.

Ó yá dísìkì tí mo kó àwọn orin mi pamọ́ sí lọ sí ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ ní Agbonou, níbi tó ti ń kó orin sínú fóònù àwọn èèyàn. Ó dá a padà lónìí tẹ̀ríntẹ̀rín. "Ẹ̀gbọ́n, àwọn fáìlì yín ti tóbi jù. Mo ti dín gbogbo wọn kù fún yín, àyè ti pọ̀ níbẹ̀ báyìí." Ó tilẹ̀ ń retí kí n dúpẹ́. Òmùgọ̀!

Ọdún méjì ni mo fi gba orin àwọn ìyá ìlú Elavagnon sílẹ̀ látinú káséètì tí téèpù rẹ̀ ti ń já, láìdín bíńtín kù. Bí a bá dín fáìlì orin kù, ohùn inú rẹ̀ á bàjẹ́. Ta ló ní òun ń wá àyè?

Mo lé e jáde. N kò jẹ́ kó mu omi ọwọ́ rẹ̀ tán.

Afi, ìyàwó mi, ní kí n jókòó. Ẹ̀dà orin kan ṣì wà nínú kọ̀ǹpútà tí ọwọ́ Yao ò kàn. Ó fi kásìkì tí mo fi ń gbọ́ orin bò mí létí, ó ní kí n dijú, ó sì gbé orin náà sí i lẹ́ẹ̀mejì, ti kọ̀ǹpútà àti ti dísìkì. Kò sọ èyí tó ṣáájú.

"Bàbá Ablá, èwo ni Yao dín kù?"

Mo ní èkejì ni. Mo ní àwọn ìyá náà ń dún bíi pé inú agolo ni wọ́n ti ń kọrin. Mo ṣàlàyé títí.

Àkọ́kọ́ ni.

Afi ò rẹ́rìn-ín. Ó kàn bọ́ kásìkì lórí mi, ó lọ gbé ọbẹ̀ kaná.

Bóyá màá dárí orin tó bàjẹ́ ji Yao lọ́jọ́ kan. Ohun tí mo wá mọ̀ nípa etí mi lónìí, n kò ní dárí ìyẹn jì í láéláé.