Atíkè Tí Ẹ Fi Ránṣẹ́

Ẹ̀gbọ́n mi ọ̀wọ́n,

Ẹ kú àárò wa o. Mo kí bàbá àwọn ọmọ, mo kí àwọn ọmọ náà. Ara Màmá ti yá. Ẹ̀jẹ̀ ríru wọn ti wálẹ̀, àmọ́ dókítà ní kí wọ́n dín iyọ̀ kù, wọ́n ní ó kàn ń bínú iyọ̀ ni. Òrùlé ilé ìdáná kò jò mọ́.

Mo rí atíkè tí ẹ fi ránṣẹ́ gbà. Ẹ ṣeun, àmọ́ ẹ jọ̀ọ́, ẹ má rà á mọ́.

Ọdún mẹ́jọ ni àwọn olùdarí fíìmù ti ń fi atíkè bo àpá ojú mi kí n tó ṣeré fún wọn. Fíìmù tuntun yìí, èmi ni mo dá a ṣe. Mo bọ́jú mi, mo jókòó sẹ́gbẹ̀ẹ́ fèrèsé, mo sì sọ ìtàn ara mi níwájú kámẹ́rà fóònù mi. Nígbà tí Màmá wò ó tán, wọ́n ní, "Ọmọ mi gan-an nìyí. Mi ò mọ ẹni tó wà nínú àwọn tàtijọ́ yẹn."

Ẹ̀gbọ́n mi, mo mọ̀ pé ọwọ́ yín ni omi gbígbóná ti dà sí mi lójú. Ọmọ ọdún mọ́kànlá ni yín nígbà náà, omi ìwẹ̀ mi lẹ ń gbé bọ̀. Ohun tí mo sọ nínú fíìmù ni pé ẹ pọ̀n mí, ẹ sáré dé ilé ìwòsàn láìwọ bàtà.

Ọlọ́run á máa ṣọ́ yín níbẹ̀. Tí ẹ bá wo fíìmù náà tán, ẹ pè mí lórí fídíò. Ojú yín máa ń sá fún tèmi. Lọ́jọ́ yẹn, ẹ wò mí lójú.

Àbúrò yín