Àga Mi Níwájú Ṣọ́ọ̀bù Habeeb

Ilé Morádéyọ̀,
Ìwó.

Moṣọpẹ́, ọmọ mi ọ̀wọ́n,

Mo kí ọ láti ilé. Àdúrà mi ni pé kí lẹ́tà yìí bá ọ nínú ìlera, kí ó sì bá ọ lẹ́yìn oúnjẹ, torí mo mọ̀ pé o kì í jẹun bí inú rẹ bá bàjẹ́. Ìyá rẹ wà dáadáa. Èmi náà wà, àfi oorun tí kò wá mọ́.

Láti ọjọ́ tí o ti sọ fún wa pé ilé-iṣẹ́ tó fẹ́ ra fíìmù rẹ ti yẹhùn, torí pé àwọn olè ti gbé e sórí íńtánẹ́ẹ̀tì kó tó jáde, n kò sinmi. Èyí tó dùn mí jù ni pé o ní o ò ní ṣe òmíràn mọ́.

Mo wá rí i fúnra mi. Habeeb, tó ń tún fóònù ṣe lẹ́bàá ọjà, ló ń dáńlóòdù fíìmù sórí mẹ́mórì fáwọn èèyàn. Mo bi í pé èwo ló dára. Kò mọ̀ mí. Ó ní, “Bàbá, ẹ gba èyí. Kò tíì dé ibì kankan. Ọmọ Ìwó ló ṣe é, ẹ máa sunkún.” Orúkọ rẹ ni mo rí. Mo ní olè ló ń jà. Ó rẹ́rìn-ín, ó ní gbogbo ayé ló ń ṣe é.

N kò bá a jà. Lọ́jọ́ kejì, mo gbé àga lọ síwájú ṣọ́ọ̀bù rẹ̀. Ó ní tẹlifíṣọ̀n kan níta tó fi ń fa oníbàárà mọ́ra. Orí rẹ̀ ni mo ti ń wo àwọn fíìmù tó ń tà, títí mo fi mọ gbogbo wọn. Ní báyìí, ẹnikẹ́ni tó bá na mẹ́mórì sí Habeeb, màá kí onítọ̀hún tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀, màá sì sọ ìparí fíìmù náà fún un. “Ìyàwó kékeré ló fún un ní májèlé.” “Ọlọ́pàá yẹn gan-an ni bàbá ọmọ náà.” Humairah aláṣọ fẹ́rẹ̀ẹ́ sunkún. Ó ní, “Bàbá Moṣọpẹ́, kí ni mo fi ṣe yín?” Ibẹ̀ ni Habeeb ti mọ ẹni tí mo jẹ́.

Díákónì Àyàndélé sá fún mi, ó lọ wá fíìmù fúnra rẹ̀ lórí íńtánẹ́ẹ̀tì. Fáírọ́ọ̀sì wọ fóònù rẹ̀, ni fóònù bá ń fi àwòrán ìhòòhò ránṣẹ́ sí ẹgbẹ́ ọkùnrin ìjọ wa. Kí Ọlọ́run dárí jì mí, inú mi dùn.

Lánàá, Habeeb dọ̀bálẹ̀ níwájú àga mi. Ó ní òun ti pa fíìmù rẹ rẹ́, kí n jọ̀wọ́ máa lọ sílé. Mo ní kó dìde, ilẹ̀ ibẹ̀ gbóná. Ṣùgbọ́n n kò dìde ní tèmi. Bí ó bá lè gba fíìmù rẹ padà nínú gbogbo fóònù tó wà ní Ìwó, Kuta àti Ilé-Ogbó, màá lọ sílé.

Ọlọ́run tó fún ọ ní ẹ̀bùn yìí kò ní gbà á padà. Ẹni tó fi òógùn rẹ ṣeré kò ní rẹ́rìn-ín kẹ́yìn. Bí o bá ń bọ̀ wá sílé, jọ̀wọ́, má wọ ọkọ̀ alẹ́.

Èmi ni bàbá rẹ tí kò tíì dìde lórí àga,
Nehemiah Morádéyọ̀.

Àfikún: Humairah tún padà wá láàárọ̀ yìí, ó ń bẹ̀ mí kí n sọ bí fíìmù tìrẹ ṣe parí. Fíìmù rẹ nìkan ni n kò sọ ìparí rẹ̀ fún ẹnikẹ́ni. Mo ní kó dúró títí ìwọ fúnra rẹ yóò fi gbé e jáde. Ó ní òun yóò dúró.